Ṣé kí n fi owó alájẹṣẹ́kù gbé fíìmù tèmi jáde, àbí kí n máa bá ipa kékeré mi lọ?

Ìyá Ẹlẹ́lùbọ́ Bódìjà

Ẹ kú ilé o, ẹ̀yin ará wa. Ẹ̀yin àgbà tó wà nídìí iṣẹ́ tíátà, ẹ̀yin tó ń ya fíìmù, àti ẹ̀yin tó jẹ́ pé wíwò lẹ̀ ń wò ó, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi dá sí ọ̀rọ̀ yìí.

Òṣèré ni mí níbí ní Ìbàdàn. Mo kọ́ṣẹ́ lábẹ́ ọ̀gá, mo gba fíríídọ̀ọ̀mù, mo sì ní káàdì ẹgbẹ́. Ipa tí wọ́n máa ń gbé fún mi ò pọ̀: ìyá ọkọ tó burú, ìyálé òjòwú, ìyálọ́jà tó lẹ́nu, àjẹ́ àdúgbò. Síìnì mẹ́ta tàbí mẹ́rin, ó parí. Àwòrán mi kì í sí lára pósítà, tó bá sì wà níbẹ̀, ẹ̀yìn pátápátá ni. Síbẹ̀, bí mo bá gba Ọjà Ọba kọjá, àwọn èèyàn á máa fi orúkọ tí mo jẹ́ nínú iṣẹ́ kan pè mí, àwọn míì á sì dá mi dúró, wọ́n á ní kí ló dé tí mo fi lé ìyàwó ọmọ mi jáde lóru. Inú mi máa ń dùn. Wọ́n gbà á gbọ́ nìyẹn.

Owó ni ọ̀rọ̀. Láìpẹ́ yìí, wọ́n pè mí sí lokéṣọ̀n kan lọ́nà Ìsẹ́yìn. Mo ti ìsọ̀ mi pa, mo dé ibẹ̀ ní kùtùkùtù, òru ni wọ́n tó ya síìnì tèmi. Ohun tí wọ́n kó lé mi lọ́wọ́ ò kọjá owó ọkọ̀ láti Ọjọ́ọ dé ibẹ̀ àti àbọ̀. Ẹni tó pè mí ní, "Màámi, ẹ bá wa rọ́jú, iṣẹ́ ara wa ni." Irú ọ̀rọ̀ yìí ni mò ń gbọ́ níbi púpọ̀.

Àwọn ọ̀rẹ́ mi nídìí iṣẹ́ ń sọ pé kí èmi náà gbé fíìmù tèmi jáde, kí n jẹ́ olú ẹ̀dá ìtàn lẹ́ẹ̀kan, kí n gbé e sórí YouTube. Mo ní owó díẹ̀ nínú ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù wa ní ọjà, wọ́n sì ṣe tán láti yá mi kún un. Baálé mi ò lòdì sí i, ṣùgbọ́n ó ní kí n kọ́kọ́ bi àwọn tó mọ̀nà. Ọmọ mi obìnrin ń múra àtiwọ yunifásítì, owó yẹn kan náà la sì ń wò fún un.

Ṣé èèyàn lè fi ipa kékeré jẹun títí dọjọ́ ogbó? Àbí ẹni tí ò bá gbé iṣẹ́ tirẹ̀ jáde ò ní kúrò lójú kan? Ẹ má fi ọ̀rọ̀ sábẹ́ ahọ́n fún mi.

Ọmọ Mókólá

Màámi, ẹ gbé e jáde. Tí ẹ bá ń dúró de àwọn tó ń pín ipa, ẹ ó dúró títí ni. Ọ̀pọ̀ àwọn tí orúkọ wọn ń ró lónìí, ìgbà tí wọ́n gbé iṣẹ́ tiwọn jáde layé tó mọ̀ wọ́n. Ẹ wá ìtàn tó dáa, ẹ pe gbajúmọ̀ kan péré sí i, kí ẹ̀yin fúnra yín ṣe olú ẹ̀dá ìtàn. Ẹ ò nílò máńkẹ́tà kankan tó máa bá yín ta fíìmù mọ́. Àwa tó ń wò yín ti ṣe tán.

Oníkámẹ́rà Apẹtẹ

Ọmọ Mókólá, mo gbọ́ ẹ, àmọ́ o ò sọ iye tó máa ná màmá.

Kámẹ́rà ni mò ń gbé, mo sì máa ń rí ibi tí owó ń gbà lọ. Owó kámẹ́rà àti iná. Ẹni tó ń gba ohùn sílẹ̀. Jẹnẹrétọ̀ àti epo rẹ̀. Ilé tí ẹ ó lò. Oúnjẹ fún gbogbo èèyàn láàárọ̀, lọ́sàn-án, lálẹ́. Mekọ́ọ̀pù. Ẹni tó máa gé fíìmù tó sì máa tò ó. Gbajúmọ̀ kan péré tí o ní kí wọ́n pè yẹn, òun nìkan lè gba ìdajì owó tó wà nílẹ̀. Bí òjò bá wá rọ̀ lọ́jọ́ tí ẹ yẹ kí ẹ parí, ẹ ó tún gbogbo rẹ̀ san fún ọjọ́ kan sí i.

Ní ti YouTube: ìkànnì tuntun ò ní gba kọ́bọ̀ nínú owó ìpolówó àfi tó bá ní ẹni 1,000 tó forúkọ sílẹ̀ tì í, tí àwọn èèyàn sì ti fi wákàtí 4,000 wò ó láàárín oṣù 12. Fíìmù kan ṣoṣo lè mú yín débẹ̀ tó bá gbòde. Tí ò bá gbòde ńkọ́? Ìdí nìyẹn tí ọ̀pọ̀ fi ń gbé iṣẹ́ wọn lọ fún ẹni tó ti ní ìkànnì ńlá, kí onítọ̀hún rà á tán tàbí kí wọ́n jọ pín èrè. Ẹ sì jẹ́ kí n sọ èyí tí àwọn èèyàn kì í sọ: ẹni tó bá wò ó ní London tàbí Amẹ́ríkà ló ń mú owó gidi wá. Ẹni tó wò ó ní Bẹẹrẹ, ohun tí àwọn olùpolówó ń san lórí tirẹ̀ kéré púpọ̀. Èèyàn lè ní òǹwòran rẹpẹtẹ nílé kí owó má sì dé.

Mi ò ní kí ẹ má ṣe é láéláé. Owó ilé-ìwé ọmọ ni mo ní kí ẹ má fi ṣe é.

Baba Alárìnjò

Ọmọ mi, mo kí ọ. Ó ti pẹ́ tí mo ti wà nídìí iṣẹ́ yìí, fídíò bá mi níbẹ̀ ni. Mo fẹ́ kí o mọ ibi tí ọ̀rọ̀ owó ọkọ̀ yìí ti ṣẹ̀, torí àwọn ọmọ ìsinsìnyí rò pé ìwà ìkà lásán ni.

Láyé Ògúndé, láyé Kọ́lá Ògúnmọ́lá, Dúró Ládipọ̀ àti Ọ̀yìn Adéjọbí, inú agbo ni òṣèré ń gbé. Ọ̀gá ló ni ọkọ̀, ọ̀gá ló ni aṣọ, ọ̀gá ló ń bọ́ gbogbo ilé. Bí o bá ṣe ìránṣẹ́ ọba ní ìlú kan lónìí, o lè ṣe ọba fúnra rẹ̀ ní ìlú kejì bí ara ẹni tó ń ṣe é ò bá yá. Kò sẹ́ni tó ń jẹ́ òṣèré kékeré títí ayé. Ìgbà tí fídíò dé, agbo tú ká. Olúkúlùkù di ọ̀gá ara rẹ̀, kò sì sówó. Ọgbọ́n tí a dá nígbà náà ni àrò, bíi ti àwọn àgbẹ̀: mo wá bá ọ ṣe tìrẹ láìgbowó, bí tèmi bá tó, ìwọ náà á wá. Bí a ṣe rí iṣẹ́ gbé jáde nìyẹn nígbà tí bánkì ò fẹ́ rí wa sójú.

Owó ọkọ̀ tí wọ́n fún ọ yẹn, ìyókù àrò ni. Ṣé o wá rí ohun tó ń ṣe ọ́? O ti bá gbogbo ayé ro oko, o ò ní oko tí wọn ó wá bá ọ ro. Ìdí nìyẹn tí mo fi wà lẹ́yìn Ọmọ Mókólá. Gbé tìrẹ jáde, kí o ké sí gbogbo ẹni tí o ti ṣe fún. Gbèsè ni wọ́n jẹ ọ́.

Ní ti pé ṣé ipa kékeré lè gbé èèyàn ró, ta ló wo fíìmù Ṣaworoidẹ tí ò rántí Baba Ọ̀pálábá? Adébáyọ̀ Fálétí kì í ṣe ọba níbẹ̀, kì í ṣe òun ni ìjà oyè ọ̀hún kàn. Ṣùgbọ́n bó bá ti jókòó, tó lanu, gbogbo ilé á dákẹ́. Wo Peter Fátómilọ́lá náà. Ìran babaláwo tó ti ṣe kò lóǹkà, kò sì sí ìgbà tí ó kì Ifá tí kò dà bí ẹni pé ilé rẹ̀ ni kámẹ́rà bá a. Àwọn èèyàn wọ̀nyí kò wá ipò olórí kiri.

Akẹ́kọ̀ọ́jáde Tíátà, UI

Ẹ kú iṣẹ́ o, Baba. Ẹ jẹ́ kí n fi ọ̀wọ̀ tún apá kan ọ̀rọ̀ yín ṣe, torí ó ṣe pàtàkì fún ìpinnu tí màmá fẹ́ ṣe.

Bàbá Fálétí ò fi ipa Ọ̀pálábá jẹun. Kí Ṣaworoidẹ tó jáde ní 1999, akéwì ni wọ́n, òǹkọ̀wé ni wọ́n, wọ́n sì ti ṣiṣẹ́ ní WNTV níbí ní Ìbàdàn, ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n tó bẹ̀rẹ̀ ní 1959. Akínwùmí Ìṣọ̀lá tó kọ ìtàn náà, ọ̀jọ̀gbọ́n ni. Kọ́lá Oyèwọ̀ tó ṣe Lápìtẹ́ bẹ̀rẹ̀ lágbo Ọ̀yìn Adéjọbí, ṣùgbọ́n wọ́n di olùkọ́ eré ṣíṣe ní yunifásítì. Wálé Ògúnyẹmí tí àwọn àgbà Ìbàdàn mọ̀ dáadáa lórí ìtàgé, iṣẹ́ wọn wà ní ẹ̀ka ìmọ̀ nípa Áfíríkà ní UI. Àwọn àgbà yìí lè kọ ipa tí kò bá wù wọ́n, torí ọbẹ̀ wọn ti wà lórí iná níbòmíràn. Bí ẹnì kan bá wá ní kí wọ́n fò sókè fò sílẹ̀ láìnídìí níwájú kámẹ́rà, wọ́n lè ní rárá. Mo gbà pé òmìnira yẹn wà lára ohun tó jẹ́ kí ìṣe wọn lójú fíìmù jinlẹ̀ tó bẹ́ẹ̀.

Nítorí náà, ìsọ̀ èlùbọ́ ò dí màmá lọ́wọ́. Òun ló ń ràn wọ́n lọ́wọ́.

Ẹ sì rántí fíìmù Ọ̀run Móoru. Ní 1982, kò sí aláwàdà Yorùbá tó gbajúmọ̀ ju Moses Ọláìyá, Baba Sàlá, lọ. Wọ́n yáwó ṣe fíìmù yẹn. Àwọn olè àdàkọ gbé e sórí fídíò kí wọ́n tó rí èrè rẹ̀ jẹ, gbèsè sì gbá wọn mú fún ọ̀pọ̀ ọdún. Bí èyí bá lè ṣẹlẹ̀ sí Moses Ọláìyá tó ní agbo tirẹ̀, ọkọ̀ tirẹ̀, àti òǹwòran káàkiri ilẹ̀ Yorùbá, ẹ jẹ́ ká ṣọ́ra pẹ̀lú owó alájẹṣẹ́kù.

Alákòóso Iṣẹ́, Ìdí-Apẹ́

P.M. ni mí, ìyẹn alákòóso iṣẹ́ fíìmù. Èmi ni mo máa ń pe òṣèré, èmi náà ni mo máa ń bá wọn sọ̀rọ̀ owó. Ẹ jẹ́ kí n sọ bó ṣe rí lọ́dọ̀ wa.

Owó tó bá wà nílẹ̀, ọ̀dọ̀ ẹni tó béèrè ló máa ń tán sí. A máa kọ́kọ́ yọ ti olú ẹ̀dá ìtàn, a yọ ti kámẹ́rà, a yọ ti ilé. Òṣèré tó bá ní "iye báyìí ni mò ń gbà lóòjọ́" kí ó tó gbéra, a máa kọ iye yẹn sílẹ̀, bí a bá tiẹ̀ dúnàádúrà. Ẹni tó bá dákẹ́, tó dé lokéṣọ̀n tó ń retí àánú wa, ìyókù la máa fún un, ìyókù ọ̀hún sì lè jẹ́ owó ọkọ̀. Mi ò sọ pé ó dáa bẹ́ẹ̀. Bó ṣe ń ṣẹlẹ̀ ni mò ń sọ.

Ẹ má fi síìnì díyelé, ọjọ́ ni kí ẹ fi díyelé. Síìnì yín lè jẹ́ méjì kí ọjọ́ yín sì lọ tán pátápátá.

Baba Alárìnjò, ẹ má bínú, àrò tí ẹ ń sọ ti kú lọ́dọ̀ àwọn tó ń ta iṣẹ́ wọn. Ẹni tó bá ta fíìmù rẹ̀ fún ìkànnì ńlá ti gbowó. Tó bá wá ní kí màmá fi ara ṣe é nítorí iṣẹ́ ara wa ni, òun nìkan ló ni oko yẹn.

Ohun tí ọ̀pọ̀ òṣèré ò rò dé ìdí ni pé olú ẹ̀dá ìtàn á wà lokéṣọ̀n láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, kò lè gba iṣẹ́ míì. Ṣùgbọ́n gbogbo síìnì ìyá ọkọ tó bá wà nínú ilé kan, a máa kó wọn jọ sí ọjọ́ kan ni, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ìkan wà ní ìbẹ̀rẹ̀ ìtàn tí ìkejì wà ní òpin. Ìyẹn ni pé màmá lè ṣe iṣẹ́ fún ẹni púpọ̀ láàárín oṣù kan kí ó sì padà sí ìsọ̀ rẹ̀. Ibẹ̀ gan-an ni owó òṣèré ipa kékeré wà: kí ọ̀pọ̀ èèyàn máa nílò yín, kí ọjọ́ tí ẹ ń lò lọ́dọ̀ ẹnì kọ̀ọ̀kan kéré.

Kí ni a fi ń pe èèyàn lẹ́ẹ̀kejì? Kí ó dé lásìkò. Kí ó mọ ohun tó fẹ́ sọ. Kí ó má tẹ fóònù nígbà tí wọ́n ń ya ẹlòmíì. Kí ó tọ́jú aṣọ rẹ̀. Lẹ́yìn síìnì kọ̀ọ̀kan, ẹ ya ara yín ní fọ́tò: bí gèlè ṣe wà, ìlẹ̀kẹ̀ wo ló wà lọ́rùn, apá wo ni ẹ gbé báàgì kọ́. Bí a bá fẹ́ parí síìnì yẹn lọ́jọ́ kejì tí ẹ sì wé gèlè míì dé, gbogbo wa la máa jìyà rẹ̀. Ẹni tó bá ń ràn wá lọ́wọ́ báyìí kì í kúrò lórí fóònù mi.

Ìyá Ẹlẹ́lùbọ́ Bódìjà

Ọlọ́run á bùkún fún yín. Mo ti ń kọ ọ́ sílẹ̀ sínú ìwé gbèsè ìsọ̀.

Alákòóso, ẹ̀rù ohun tí ẹ sọ yẹn ń bà mí díẹ̀. Bí mo bá ní iye báyìí ni mò ń gbà, ṣé wọn ò ní pe ẹlòmíì tó máa ṣe é lọ́fẹ̀ẹ́? A pọ̀ ní Ìbàdàn yìí.

Ohun míì tún ni ti ipa àjẹ́. Àwọn kan ti ń sọ̀rọ̀ nínú ìjọ wa. Ọmọ mi náà sọ fún mi pé wọ́n ń fi mí pe òun níléèwé.

Arábìnrin Akọ́bọ̀

Ẹ̀gbọ́n mi, tèmi ò gùn. Ẹ fi ipa àjẹ́ sílẹ̀. Ọ̀rọ̀ ẹnu lágbára, èèyàn ò gbọdọ̀ máa fi ẹnu ara rẹ̀ pe ohun tí kò fẹ́. Àwọn ipa míì wà tí ẹ lè ṣe: ìyá rere, nọ́ọ̀sì, olùkọ́. Mo ń gbàdúrà fún yín.

Ọmọ Òṣèré

Arábìnrin, mo gbọ́ yín, mo sì mọ̀ pé ìfẹ́ lẹ fi sọ ọ́. Ṣùgbọ́n òṣèré ni ìyá tó bí mi, ipa àjẹ́ wà lára ohun tí wọ́n fi tọ́ wa. Wọ́n máa ń gbàdúrà kí wọ́n tó jáde nílé, wọ́n á tún gbà á bí wọ́n bá dé. Wọ́n ń ṣe aṣáájú níjọ títí tí wọ́n fi fẹ̀yìn tì. Ní ti iléèwé, ìyá mi fúnra wọn lọ bá olùkọ́ wa, wọ́n sọ ìtàn kan fún gbogbo kíláàsì, wọ́n ṣe ohùn àgbà, wọ́n ṣe ohùn ọmọdé, wọ́n ṣe ti àjẹ́ náà. Láti ọjọ́ yẹn ni àwọn ọmọ ti ń bẹ̀ mí pé ìgbà wo ni màmá mi tún ń bọ̀.

Bí ọkàn yín ò bá gba ipa kan, ẹ kọ̀ ọ́, kò sẹ́ni tó lè bínú. Àmọ́ ẹ tètè sọ, lórí fóònù, kì í ṣe ìgbà tí wọ́n bá ti kun ojú yín tán.

Lọ́yà Ring Road

Ẹ kú ọ̀rọ̀. Ìwé ni ọ̀rọ̀ tèmi.

Òfin ẹ̀tọ́ àdàkọ tuntun, ti 2022, tí ààrẹ buwọ́ lù ní 2023, dá òṣèré mọ̀ gẹ́gẹ́ bí ẹni tó ní ẹ̀tọ́ lórí ìṣe rẹ̀. Kì í ṣe ẹni tó ni kámẹ́rà nìkan lòfin rí. Ṣùgbọ́n ẹ̀tọ́ tí kò bá sí nínú àdéhùn yín máa ń ṣòro láti gbà. Kò dìgbà tí ẹ bá gba lọ́yà. Àtẹ̀jíṣẹ́ WhatsApp tí ẹ̀yin méjèèjì fi ọwọ́ sí sàn ju ọ̀rọ̀ ẹnu lọ. Ẹ jẹ́ kí àwọn nǹkan wọ̀nyí wà níbẹ̀: orúkọ iṣẹ́ àti ipa yín, iye ọjọ́, iye owó àti ọjọ́ tí wọ́n á san án, ẹni tó ń san owó ọkọ̀ àti ibi tí ẹ ó sùn, àti ibi tí fíìmù náà ń lọ. Fíìmù tó ń lọ sí sinimá tàbí Netflix ò yẹ kó ní iye kan náà pẹ̀lú èyí tó ń lọ sí ìkànnì kékeré. Ẹ sì bèèrè bóyá apá kejì máa wà. Mo ti rí i tí wọ́n ya òṣèré ní ọjọ́ kan, tí wọ́n wá fi ìyẹn ṣe apá kìíní, apá kejì àti apá kẹta.

Òṣèrébìnrin Ọ̀yọ́

Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ kú ojúmọ́. Ọ̀nà kan náà la jọ ń tọ̀, èmi náà kì í ṣe olórí nínú ìtàn, mi ò sì wá a mọ́. Gbogbo èèyàn ti sọ̀rọ̀ owó. Ẹ jẹ́ kí n sọ̀rọ̀ iṣẹ́, torí ohun tó ń jẹ́ kí wọ́n pe èèyàn láìbéèrè ẹlòmíì tó ń ṣe é lọ́fẹ̀ẹ́ ni pé ohun tí ẹ ń ṣe kò sí lọ́dọ̀ ẹlòmíì yẹn.

Ìyá ọkọ burúkú kì í mọ̀ pé òun burú. Ẹ̀rù ló ń bà á. Ó fi gbogbo ayé rẹ̀ tọ́ ọmọ kan, ó wá rí i pé ọmọ ọlọ́mọ fẹ́ gbà á. Bí ẹ bá mú ẹ̀rù yẹn dání wọ síìnì, ẹ ò ní nílò àtipariwo. Ọ̀pọ̀ nínú wa ló ń pariwo. Ẹni tó ń gba ohùn sílẹ̀ á ní kí a rọra, a ò ní gbọ́. Ibi tí wọ́n bá ti ń retí pé kí ẹ lọgun, ẹ rẹ ohùn yín sílẹ̀, kí ẹ wo ìyàwó ọmọ yín lójú. Òǹwòran á bẹ̀rù yín ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Ẹ jẹ́ kí ọwọ́ yín ní iṣẹ́. Ìyá tó ń bú ìyàwó ọmọ rẹ̀ nígbà tó ń ku èlùbọ́, tí kò dá asẹ́ dúró, tí kò gbójú sókè, ìyẹn nìkan ti sọ gbogbo ìwà rẹ̀. Ẹ̀yin sì mọ èlùbọ́ kíkù ju òṣèré èyíkéyìí lọ nínú ìlú yìí! Ohun tí ẹ ń rí lọ́jà Bódìjà lójoojúmọ́, bí oníbàárà ṣe ń fi ọwọ́ yẹ èlùbọ́ wò, bí alágbàrù ṣe ń bínú, ẹ máa kó o pamọ́.

Ẹ kọ́ bí a ṣe ń gbọ́rọ̀. Èyí ni mo rò pé ó ṣe pàtàkì jù fún òṣèré ipa kékeré. Tí olú ẹ̀dá ìtàn bá ń sọ̀rọ̀, ẹni tó ń gé fíìmù máa ń wá ojú tó lè gé lọ bá. Bí ẹ bá ń ronú nípa ọ̀rọ̀ tí ẹ fẹ́ sọ lẹ́yìn náà, ojú yín á ṣófo, kò ní lò ó. Bí ẹ bá ń gbọ́ ọ lóòótọ́, ojú yín á wà nínú síìnì yẹn látòkèdélẹ̀, bí ẹ ò tilẹ̀ sọ ju ọ̀rọ̀ kan lọ.

Ẹ kọ́ oríkì. Ẹ mọ̀ pé ọ̀pọ̀ ìwé eré wa kì í kọ gbogbo ọ̀rọ̀ sílẹ̀. Wọ́n á kàn kọ "ìyá ki ọmọ rẹ̀" síbẹ̀, ó di ọwọ́ òṣèré. Ẹni tó bá lè ki oríkì orílẹ̀ ní tòótọ́, oníkòyí, olúfẹ̀, ìran ọlọ́jẹ̀, tó lè sun ẹkún ìyàwó, tó lè sọ Ìbàdàn, tó lè sọ Ọ̀yọ́, ti gba iṣẹ́ tí àwọn èèyàn ò lè fi ẹnu lásán gbà lọ́wọ́ rẹ̀. Ẹ wo àwọn iṣẹ́ ńlá tó ń jáde báyìí. Òkè-Ògùn wa níbí, ní Igbójàyè, ni abúlé fíìmù tí Kúnlé Afọláyan ti ya Aníkúlápó, èyí tó jáde ní 2022. Ní 2024, ìtàn Baṣọ̀run Gáà di fíìmù lórí Netflix. Irú iṣẹ́ báyìí ń wá ìjòyè, ìyá ààfin, olórí àwọn àjẹ́, àgbà obìnrin tó gbọ́ Yorùbá dénú. Ipa kékeré ni gbogbo wọn, èèyàn tó sì lè ṣe wọn dáadáa ò pọ̀.

Lẹ́yìn náà, ẹ wá ọ̀nà míì fún ohùn kan náà. Èmi máa ń ṣe alága ìjókòó níbi ìgbéyàwó, òun ló ń gbé mi nígbà tí kò bá sí lokéṣọ̀n. Mo ń ka ìpolówó fún rédíò. Ìbàdàn kún fún ilé iṣẹ́ rédíò tó ń sọ Yorùbá, látorí Amúlùdùn ní Mọ́níyà lọ. Ẹ gba ohùn yín sílẹ̀ sórí fóònù, ohùn ìyá arúgbó, ohùn ìyálọ́jà, ohùn ọ̀dọ́mọbìnrin, kí ẹ lọ bá wọn. Ẹ tún gé àwọn síìnì yín tó dáa jù jọ, kó má ju ìṣẹ́jú méjì lọ, kí ẹ lè fi ránṣẹ́ sí P.M. tí kò mọ̀ yín. Ẹ jẹ́ kí ọ̀kan tó yàtọ̀ sí ìyá burúkú wà nínú rẹ̀. Bí ẹ ò bá ní irú rẹ̀, kí ẹnì kan yà yín níbi tí ẹ ti ń ṣe ìyá tó ń tu ọmọ rẹ̀ nínú.

Baba Alárìnjò

Mo ti ka gbogbo rẹ̀. Akẹ́kọ̀ọ́jáde, o ṣeun, òtítọ́ lo sọ nípa Fálétí àti Oyèwọ̀. Àmọ́ ẹ má gbàgbé àwọn míì tí kò sí yunifásítì fún, tí wọn ò ní ìsọ̀, iṣẹ́ tíátà nìkan ni wọ́n ṣe títí ara fi rẹ̀ wọ́n. Mo mọ púpọ̀ nínú wọn. Nígbà tí àìsàn dé, orí ayélujára la ti bẹ̀rẹ̀ sí í bẹ gbogbo ayé fún owó ọsibítù. Ó ń dùn mí dọ́kàn.

Alákòóso, mi ò tíì gbà pẹ̀lú rẹ pé àrò ti kú. Ọ̀dọ̀ àwọn tó ń tà ló ti kú. Ọ̀dọ̀ àwọn tí kò ní nǹkan, ó ṣì wà, òun náà ló ń mú àwọn ọ̀dọ́ tuntun rí iṣẹ́ gbé jáde. Bí ọmọdé kan tí kò ní kọ́bọ̀ bá pè mí, mo máa lọ. Ẹni tó bá lówó, kó san.

Ìyá Ẹlẹ́lùbọ́, mo dín ohun tí mo sọ lákọ̀ọ́kọ́ kù. Má fi owó ọmọ gbé fíìmù. Ṣùgbọ́n má gbàgbé àwọn tó jẹ ọ́ ní àrò. Ẹ lè kó ara yín jọ, ẹ̀yin mélòó kan tẹ́ ẹ jọ jẹ́ òṣèré ipa kékeré, kí ẹ ṣe eré kúkúrú kan nínú ilé kan ṣoṣo, kí olúkúlùkù mú nǹkan díẹ̀ wá. Èyí kò ní pa ẹnikẹ́ni. Kí o tó ṣe èyíkéyìí, lọ forúkọ sílẹ̀ ní OYSHIA, àjọ tó ń bójú tó ètò adójútòfò ìlera ní ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́ wa. Ó wà fún oníṣòwò bíi tìrẹ, kò dìgbà tí o bá ń ṣiṣẹ́ ìjọba.

Oníkámẹ́rà Apẹtẹ

Bí ẹ bá ṣe ti ilé kan ṣoṣo tí Baba sọ yẹn, mo máa gbé kámẹ́rà wá fún ọjọ́ kan láìgbowó. Epo jẹnẹrétọ̀ nìkan ni kí ẹ wá.

Ìyá Ẹlẹ́lùbọ́ Bódìjà

Ẹ̀yin ará mi, mi ò mọ ọpẹ́ tí mo máa dá. Èmi àti baálé mi jọ ka gbogbo rẹ̀. Owó alájẹṣẹ́kù di ti yunifásítì, ọ̀rọ̀ ìyẹn ti parí. Ìsọ̀ ò ní kúrò níbi tó wà. Oníkámẹ́rà, mo ti gbọ́ ti epo, mo ti ń bá àwọn ẹgbẹ́ mi sọ̀rọ̀. Ní ti ipa àjẹ́, mo máa ṣe é tí ìtàn rẹ̀ bá nídìí, mo sì máa lọ síléèwé ọmọ mi.

P.M. kan pè mí lánàá sí iṣẹ́ kan ní ẹ̀yìn Mọ́níyà, ipa ìyálé. Mi ò tíì sọ iye owó. Alákòóso, ẹ jọ̀ọ́, báwo ni mo ṣe máa kọ ọ́ tí kò ní dà bí ìgbéraga?

Alákòóso Iṣẹ́, Ìdí-Apẹ́

Ẹ kọ ọ́ báyìí, kí ẹ fi ránṣẹ́ lónìí, kí ó tó pe ẹlòmíì:

"Ẹ kú iṣẹ́ o. Ẹ ṣeun tí ẹ rántí mi fún ipa ìyálé. Mo ti ṣe tán. Owó iṣẹ́ mi fún ọjọ́ kan ni (ẹ fi iye síbẹ̀), owó ọkọ̀ wà lọ́tọ̀. Bí ọjọ́ bá ju ọ̀kan lọ, iye kan náà ni fún ọjọ́ kọ̀ọ̀kan. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi ìwé eré ránṣẹ́ kí n lè múra, kí ẹ sì jẹ́ kí n mọ ibi tí iṣẹ́ náà ń lọ àti bóyá apá kejì wà. Aṣọ wo ni kí n mú dání?"

Ìbéèrè aṣọ tó gbẹ̀yìn yẹn ṣe pàtàkì, ẹ má yọ ọ́. Ó ń jẹ́ kí P.M. rí i pé iṣẹ́ ni ẹ ń rò. Bí ó bá ní owó náà ti pọ̀ jù, ẹ bi í pé èló ló wà nílẹ̀. Ẹ má tètè dín in kù kí ó tó dáhùn. Tí ohun tó bá sọ ò bá tó owó tí ìsọ̀ yín máa pàdánù lọ́jọ́ náà, ẹ sọ fún un pé ẹ ò ní lè ráyè lọ́tẹ̀ yìí, kí ẹ sì dárúkọ òṣèré míì tó lè ṣe é dáadáa fún un. Mo ti padà pe irú èèyàn bẹ́ẹ̀ fún iṣẹ́ tó tóbi ju èyí tó kọ̀ lọ. Ẹ fi èsì tó bá fún yín síbí, a ó jọ wò ó.